Ọwọ́ Bàbá Alban Nínú Táblẹ́ẹ̀tì

Ohùn Arelis ń jáde ketekete láti inú táblẹ́ẹ̀tì náà, ó ń sọ bí ọkọ̀ ìpẹja ṣe gbàgbé Bàbá Alban sórí òkìtì yanrìn kan láàárín òkun ní ọdún márùndínláàádọ́ta sẹ́yìn, ṣùgbọ́n ojú táblẹ́ẹ̀tì dúdú bí ìdí ìkòkò. Ìyáàfin Britton, ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́ náà, tó ń to àga lẹ́yìn kíláàsì, mi orí tìtẹ́lọ́rùn-tìtẹ́lọ́rùn. Ó ní ó dára gan-an, ó ní òun ń gbọ́ ọ láti ibi tí òun wà. Bàbá Alban nìkan ni kò mi orí. Ó gbé táblẹ́ẹ̀tì náà súnmọ́ ojú, ó yí i padà, ó wo ẹ̀yìn rẹ̀, ó sì rọra gbé e kalẹ̀ sórí tábìlì. Lẹ́yìn náà ló gbé ọwọ́ méjèèjì sókè.

"Èmi dà?" ó fi ọwọ́ béèrè.

Adití ni Alban Hawkins láti inú ìyá rẹ̀ wá. Ẹni ọdún méjìdínlọ́gọ́rin ni, apẹja ni, kò sì sí ilé kan ní Bottom House, abúlé wọn ní erékùṣù náà, tí wọn kò tíì jẹ ẹja tó pa rí. Nígbà èwe rẹ̀, adití pọ̀ ní apá ibẹ̀ débi pé àwọn tó ń gbọ́ràn náà mọ èdè ọwọ́. Wọ́n fi ń nájà, wọ́n fi ń jà, wọ́n fi ń fẹ́ra wọn. Àwọn àgbà tó mọ̀ ọ́n dáadáa ti ń lọ tán, àwọn ọmọ ìsinsìnyí kò sì mọ̀ ju "wá jẹun" àti "jókòó jẹ́ẹ́" lọ. Arelis Newball, tó ń kọ́ àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ náà ní kọ̀ǹpútà, yàtọ̀. Bàbá Alban ni ẹ̀gbọ́n ìyá ìyá rẹ̀, ọ̀dọ̀ bàbá yìí ló sì ti mọ èdè ọwọ́ kó tó mọ̀wé kà.

Oṣù mẹ́rin gbáko ló fi ń lọ ya fídíò rẹ̀ ní gbogbo Sátidé. Ó ya ìtàn méjìdínlógún, ó fi ohùn ara rẹ̀ ka ìtumọ̀ sórí ọ̀kọ̀ọ̀kan, ó sì ṣe ojú ewé kan sórí íńtánẹ́ẹ̀tì tí gbogbo wọn yóò wà. Àárọ̀ Ọjọ́bọ ni àwọn òbí ń bọ̀ wá wò ó. Ní aago méjì ọ̀sán Ọjọ́bọ kan náà ni ọkọ̀ ojú omi yóò gbé Bàbá Alban lọ, kó lè lọ máa gbé lọ́dọ̀ ọmọ rẹ̀ ní Barranquilla, ìlú ńlá kan ní òdìkejì òkun, nítorí orúnkún rẹ̀ kò gba àtẹ̀gùn ilé rẹ̀ mọ́. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun la wà yìí.

Arelis gbé táblẹ́ẹ̀tì kejì, ó gbé ẹ̀kẹta. Ó dán méjèèjìlá wò. Ohùn ń jáde lára gbogbo wọn, kò sí àwòrán lára ẹyọ kan.

"Tísà, kí ló dé?" Ìyáàfin Britton béèrè. "Ṣebí ó ń sọ̀rọ̀."

"Ó ń sọ̀rọ̀ fún yín, Mà," Arelis dá a lóhùn. "Kò bá àwọn tí mo ṣe é fún sọ nǹkan kan."

Ó ṣí ìtàn kan náà lórí kọ̀ǹpútà tirẹ̀, àwòrán náà sì hàn kedere, ó ń dán. Ibẹ̀ ni ó ti bẹ̀rẹ̀ sí í yé e. MP4 ló wà nídìí orúkọ gbogbo fáìlì rẹ̀, ìyẹn ló sì tàn án jẹ. Àpótí lásán ni MP4. Nínú àpótí yẹn, ohùn wà lọ́tọ̀, àwòrán wà lọ́tọ̀, ọ̀nà tí wọ́n sì lè gbà ká àwòrán mọ́ra kí ó tó wọ inú àpótí ju ẹyọ kan lọ. Fóònù tuntun tó fi ya Bàbá Alban ń lo ọ̀nà tuntun, èyí tó ń ká àwòrán kéré jọjọ. Àwọn táblẹ́ẹ̀tì náà ti dàgbà. Wọ́n ti lò wọ́n níbòmíràn kí wọ́n tó fi wọ́n ta ilé ẹ̀kọ́ lọ́rẹ. Wọ́n mọ ohùn í tú, wọn kò mọ àwòrán náà í tú.

Ẹlòmíràn ì bá gbé orí lé tábìlì. Inú Arelis kò tilẹ̀ bàjẹ́. Ó ń ṣe é bí ìgbà tí èèyàn bá rí ìrù ẹja lábẹ́ àpáta: ọwọ́ rẹ̀ ń yún un. Ó ní kí Bàbá Alban jọ̀ọ́ fún òun ní ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ó tún ìtàn àkọ́kọ́ ká ní ọ̀nà àtijọ́ tí wọ́n ń pè ní H.264, èyí tí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ má sí ẹ̀rọ tí kò mọ̀ ọ́n. Ó gbé e sórí ojú ewé, ó fi ìka kan táblẹ́ẹ̀tì, ó sì dì í mú síwájú bàbá.

Bàbá Alban rí ara rẹ̀. Ó wò ó títí, ó fi ọwọ́ kan irun orí rẹ̀, ó tún wo ti inú táblẹ́ẹ̀tì.

"Ọkùnrin yìí ti darúgbó," ó fi ọwọ́ sọ. "Ṣùgbọ́n obìnrin ṣì lè fẹ́ ẹ."

Arelis rẹ́rìn-ín débi pé ó di ikùn mú. Ó sáré pín táblẹ́ẹ̀tì méjèèjìlá sórí tábìlì, ó ṣí wọn lẹ́ẹ̀kan náà gẹ́gẹ́ bí àwọn ọmọ yóò ṣe ṣí wọn ní Ọjọ́bọ. Méjì bẹ̀rẹ̀. Àwọn tó kù ń yí òbìrìkìtì kékeré kan lójú, wọ́n ń yí i, wọ́n ń yí i. Àwọn méjì tó bẹ̀rẹ̀ náà dúró. Ọ̀nà àtijọ́ wúwo, íńtánẹ́ẹ̀tì ilé ẹ̀kọ́ náà sì tín-ín-rín bí okùn ìwọ̀; kò lè gbé ẹrù méjìlá báyẹn lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo.

Ó gbé iṣẹ́ náà lọ sílé lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn. Ohun tó kọ́kọ́ wá sọ́kàn rẹ̀ ni ohun tí gbogbo èèyàn máa ń ṣe. Àwòrán kéékèèké ọgbọ̀n ló ń tẹ̀lé ara wọn nínú ìṣẹ́jú-àáyá kan kí fídíò tó máa rìn geere. Bó bá yọ ìdajì wọn kúrò, ẹrù yóò fúyẹ́. Ó yọ ìdajì. Fáìlì náà fúyẹ́ lóòótọ́. Ó wò ó lẹ́ẹ̀kan, ó ní kò burú, ojú ẹni tó ń kánjú ló sì fi wò ó.

Ní àárọ̀ Ọjọ́rú, ó gun alùpùpù rẹ̀ lọ sílé Bàbá Alban. Páálí kún iwájú ilé. Bàbá jókòó sórí àtẹ̀gùn, ó ń fi ìwé ìròyìn wé ife tíì kọ̀ọ̀kan. Arelis gbé táblẹ́ẹ̀tì lé e lórí itan. Bàbá wò ó, ó fajú ro. Ó ní kí ó tún un bẹ̀rẹ̀. Ó tún un wò.

"Ta ló fún mi ní ọtí mu?" ó béèrè.

Arelis ní kò yé òun.

"Wò ó. Níbí ni mo ti sọ pé mo mú ìdérí agolo, mo fi í gba oòrùn, mo fi ìtànṣán rẹ̀ pe ọkọ̀ padà. Ọ̀rọ̀ mẹ́ta ti já bọ́ nínú rẹ̀. Ohun tí mo rí ni arúgbó kan tó ń lé eṣinṣin."

Ó fi ọwọ́ tirẹ̀ sọ gbólóhùn náà fún un, geere, ìka ń yọ nínú ìka bí omi tó ń ṣàn láàárín òkúta. Ó tún sọ ọ́ bí ti inú táblẹ́ẹ̀tì, gátagàta. Ojú ti Arelis díẹ̀. Láti kékeré ló ti mọ èdè yìí, síbẹ̀ ó gbàgbé pé kì í ṣe inú ọwọ́ tó dúró ni ọ̀rọ̀ wà. Inú bí ọwọ́ ṣe ń kúrò níbì kan dé ibòmíràn ni. Bí fídíò ẹlẹ́nu bá ń ta gìrì, kò lẹ́wà ni. Bí ti ọlọ́wọ́ bá ń ta gìrì, wọ́n ti gé e láhọ́n nìyẹn.

Ó jókòó tì í láàárín àwọn páálí. Ó ṣàlàyé fún un pé bí òun bá dá gbogbo àwòrán náà padà, yóò wúwo, kò sì ní lè rìn. Bàbá Alban ronú. Ó tọ́ka sí ẹ̀yìn ara rẹ̀ nínú táblẹ́ẹ̀tì, níbi tí igi jálòókè ńlá kan wà, àti aṣọ tí aládùúgbò sá sórí okùn, àti òkun, àti ewúrẹ́ kan tó ń kọjá lọ.

"Ṣé gbogbo ìwọ̀nyí náà wà nínú ẹrù?"

"Wọ́n wà níbẹ̀, Bàbá. Àwọn ló tiẹ̀ wúwo jù. Gbogbo ewé tó ń mì, gbogbo omi tó ń ru, ẹ̀rọ gbọ́dọ̀ kọ ọ́ sílẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan."

"Ìgbà wo ni ewúrẹ́ yẹn sọ̀rọ̀? Lé e jáde."

Ọ̀rọ̀ náà rọrùn débi pé Arelis fẹ́ gbá ara rẹ̀ létí. Kó gé gbogbo rẹ̀ dànù. Kó fi ojú bàbá sílẹ̀, àti àyà rẹ̀, àti ibi tí ọwọ́ rẹ̀ lè dé, kó sì jẹ́ kí ọgbọ̀n àwòrán máa rìn nínú ìṣẹ́jú-àáyá láìyọ ẹyọ kan. Ó ti ń dìde nígbà tí bàbá di apá rẹ̀ mú.

"Kí ló tún wà níbẹ̀ tí n kò rí?"

"Ohùn," Arelis sọ. "Ohùn mi, tí mo fi túmọ̀. Àti ti òkun, àti ti àkùkọ."

"Ta ló wà fún?"

"Àwọn tó ń gbọ́ràn."

Bàbá Alban gbé ife tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ sínú páálí kí ọwọ́ rẹ̀ lè ṣófo dáadáa. "Láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí mi ni mo ti ń wo ẹnu wọn," ó sọ. "Jẹ́ kí àwọn náà wo ọwọ́ mi."

Bí alùpùpù ṣe gbé Arelis dé ilé ẹ̀kọ́ kò yé e. Ó gé ìtàn àkọ́kọ́, ó yọ ohùn rẹ̀ pátápátá, ó ká a, ó gbé e sórí táblẹ́ẹ̀tì méjèèjìlá. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Kò sí òbìrìkìtì, kò sí ìdádúró. Ó tún rí ohun kan tí kò retí. Lánàá, kò sí táblẹ́ẹ̀tì tó gbà kí fídíò bẹ̀rẹ̀ fúnra rẹ̀; àfi kéèyàn kọ́kọ́ fi ìka tẹ̀ ẹ́, nítorí búráúsà tí wọ́n fi ń ṣí ojú ewé kì í fẹ́ kí ariwo kàn bú jáde lójijì. Fídíò tí kò lóhùn kò ní ariwo tí wọn yóò bẹ̀rù. Bí ojú ewé bá ti ṣí báyìí, Bàbá Alban ti ń sọ̀rọ̀ lọ nìyẹn.

Ìyáàfin Britton wọlé, ó tẹ́tí sílẹ̀, kò gbọ́ nǹkan kan, ó sì rò pé wọ́n ti tún bàjẹ́. Nígbà tí Arelis ṣàlàyé, inú rẹ̀ kò dùn. Ó ní àwọn òbí ń bọ̀, pé ohùn yẹn ni wọn yóò fi mọ ohun tí Bàbá Alban ń sọ. Ó rán an létí Marla, ìyá Nayeli. Ọmọ ọdún mẹ́fà ni Nayeli, adití ni, ó sì máa ń bá Arelis lọ sọ́dọ̀ Bàbá Alban lọ́jọ́ Sátidé. Ìyá rẹ̀ ń tọ́jú yàrá nílé àlejò kan ní Freshwater, abúlé kan nítòsí. Cartagena ní òdìkejì òkun ni wọ́n ti bí i, kò mọ èdè ọwọ́ kankan. Ó ti gba fọ́ọ̀mù ilé ẹ̀kọ́ adití kan ní òdìkejì òkun, níbi tí ọmọ náà yóò ti máa sùn. Ọjọ́bọ yẹn ló fẹ́ fọwọ́ sí i ní ọ́fíìsì.

"Marla ò lè ka ọwọ́," Ìyáàfin Britton sọ. "Kí ló máa wá wò níbẹ̀?"

Arelis ní ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni òun yóò kọ ìtumọ̀ sí ìsàlẹ̀ àwòrán, pé ọ̀rọ̀ kíkọ kò lẹ́rù. Ọ̀la, ọwọ́ nìkan ni.

"Ìwọ lo ni iṣẹ́ ẹ," ọ̀gá náà sọ. "Tí ojú bá máa tì wá, ìwọ ni kó kọ́kọ́ tì."

Kò tíì tán síbẹ̀. Ilé ni àwọn ọmọ yóò ti máa wò ó lẹ́yìn náà, lórí fóònù ìyá, lórí fóònù ẹ̀gbọ́n, lórí oríṣi búráúsà tó wà láyé. Arelis bá jáde láti lọ yá ohun tí yóò fi dán an wò. Ó gba fóònù ọ̀gbẹ́ni tó ń ta oògùn, ó gba ti pásítọ̀, ó gba ti obìnrin tó ń ta búrẹ́dì àgbọn àti ti ọkọ rẹ̀, ó sì gba táblẹ́ẹ̀tì awakọ̀ ojú omi kan tí gíláàsì rẹ̀ ti fọ́. Nígbà tí yóò fi padà dé kíláàsì, ó ju ìdajì àwọn tó ni fóònù lọ tó tẹ̀ lé e láti mọ ohun tó fẹ́ fi ṣe.

Ó to àwọn náà, kọ̀ǹpútà ọ́fíìsì àti mẹ́ta nínú táblẹ́ẹ̀tì ilé ẹ̀kọ́ sórí tábìlì gígùn, ẹ̀rọ mẹ́sàn-án lápapọ̀. Méje bẹ̀rẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Kọ̀ǹpútà ọ́fíìsì, èyí tí wọ́n máa ń fi ju àwòrán sára ògiri, kọ̀, òun àti ẹ̀rọ pásítọ̀. Búráúsà tiwọn kò mọ ọ̀nà àtijọ́ yẹn rárá. WebM ni irú fáìlì tí wọ́n mọ̀. Arelis ká ìtàn náà lẹ́ẹ̀kejì sínú WebM, ó kọ méjèèjì tẹ̀léra sínú ojú ewé. Bí búráúsà bá ti dé ibẹ̀, yóò ka orúkọ wọn láti òkè, yóò sì mú àkọ́kọ́ tó bá mọ̀. Ó fi WebM ṣáájú nítorí pé ó fúyẹ́ jù. Fóònù olóògùn sọ pé òun mọ̀ ọ́n, ó mú un, ó sì ya ìlà àwọ̀ ewé gbọọrọ bo Bàbá Alban lójú.

"Irọ́ ló ń pa," ọkọ oníbúrẹ́dì sọ. "Bí ẹni tó ni ín ló ṣe ń ṣe."

Olóògùn ní kó má pe òun sí i. Arelis kò gbọ́ wọn. Ó gbé MP4 sókè, ó fi WebM sísàlẹ̀ fún kìkì àwọn tí kò bá mọ ti òkè. Ó ṣí gbogbo rẹ̀ lákọ̀tun, lọ́kọ̀ọ̀kan, láti ọwọ́ òsì lọ sí ọ̀tún. Lẹ́yìn náà ni gbogbo ẹni tó wà nínú yàrá súnmọ́ tábìlì, nítorí Bàbá Alban mẹ́sàn-án ń sọ̀rọ̀ lórí tábìlì kan, nínú fóònù ńlá àti kékeré, nínú gíláàsì tó pé àtèyí tó fọ́, kò sì sí ìka kan tó sọnù. Pásítọ̀ tó ti lé ní ọgọ́ta ọdún bẹ̀rẹ̀ sí í mi orí. Ó ní òun rò pé òun ti gbàgbé èdè náà. Ó gbé ọwọ́ sókè, ó dá ọkùnrin inú fóònù náà lóhùn.

Kọ̀ǹpútà Arelis ń ká ìtàn mẹ́tàdínlógún tó kù títí ilẹ̀ fi mọ́, ẹ̀ẹ̀mejì ẹ̀ẹ̀mejì.

Ní Ọjọ́bọ, àwọn òbí kún yàrá. Bàbá Alban wọ ṣẹ́ẹ̀tì funfun, ó jókòó síwájú. Marla wá láti ibi iṣẹ́ pẹ̀lú aṣọ iṣẹ́ lọ́rùn, ó jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn, Nayeli sì wà níwájú rẹ̀ pẹ̀lú táblẹ́ẹ̀tì lórí itan. Wọ́n ṣí ojú ewé. Kò sẹ́ni tó gbọ́ nǹkan kan. Ìyáàfin Britton dìde láti ṣàlàyé, ó wo àwọn ọmọ, ó tún jókòó.

Ìdákẹ́jẹ́ẹ́ náà kọ́kọ́ ni àwọn àgbà lára. Wọ́n ń wúkọ́, wọ́n ń wo ara wọn. Nígbà tó yá, gbogbo àwọn ọmọ rẹ́rìn-ín lẹ́ẹ̀kan náà, ojú kan náà nínú ìtàn. Àwọn arúgbó méjì tó wà lẹ́yìn kíláàsì náà rẹ́rìn-ín. Marla wo ọ̀tún, ó wo òsì. Kò sí ohùn kankan tí yóò sọ fún un ohun tó pa wọ́n lẹ́rìn-ín. Ó na ọrùn, ó tẹjú mọ́ ọwọ́ inú táblẹ́ẹ̀tì, ó sì fi ìka kan èjìká ọmọ rẹ̀. Ó tọ́ka sí àwòrán náà. Ó gbé èjìká sókè: kí ló sọ?

Nayeli wò ó bí ẹni tí kò dá lójú pé òun ni wọ́n ń bi. Ó dá fídíò náà dúró, ó dà á padà sẹ́yìn, ó gbé táblẹ́ẹ̀tì sáàárín àwọn méjèèjì. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ́. Òkun nìyí. Ọkọ̀ nìyí. Ọkùnrin kan ṣoṣo, kò sí ẹlòmíràn. Marla gbìyànjú láti fi ọwọ́ ara rẹ̀ sọ òkun, kò gún. Ọmọ náà di ọwọ́ ìyá rẹ̀ mú, ó tẹ àtàǹpàkò rẹ̀ wọlé, ó ní kó tún un ṣe. Ó tún un ṣe. Nayeli mi orí, ó sì yára bá ọ̀rọ̀ lọ, ó yára ju bí Arelis ṣe rí i rí lọ, bí ẹni tí ọ̀rọ̀ ti ń dì lọ́wọ́ láti ọdún mẹ́fà.

Arelis bojú wo Bàbá Alban. Ó ti yí àga rẹ̀ sí apá ilẹ̀kùn, kò wo ara rẹ̀ nínú táblẹ́ẹ̀tì kankan mọ́.

Nígbà tí ó kù díẹ̀ kí mọ́tò tí yóò gbé Bàbá Alban lọ sí èbúté dé, Ìyáàfin Britton mú fọ́ọ̀mù wá pẹ̀lú bírò, ó bẹ̀rẹ̀ mọ́ Marla létí, ó ní ọ́fíìsì ti ṣí sílẹ̀. Marla gbójú sókè fún ìṣẹ́jú kan.

"Ẹ bá mi fi pamọ́ síbẹ̀ ná, Mà," ó sọ pẹ̀lẹ́. "A ò tíì wò ju méjì lọ."

Ó wọ́ àga rẹ̀ súnmọ́ ti ọmọ rẹ̀, ó sì fi ọwọ́ sọ fún un pé kó ṣí ẹ̀kẹta.